Má Fọwọ́ Kan Yìnyín

Aago mẹ́wàá alẹ́ kọjá díẹ̀ nígbà tí Taisto pè mí,
bàbá ìyá mi, ẹni ọdún mọ́kàndínlọ́gọ́rin,
tó fi ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n wa ọkọ̀ ojú irin
la igbó páìnì kọjá ní àríwá Fínlándì.
"Oona, ọkọ̀ mi ń fò bí ọ̀pọ̀lọ́.
Ó dúró, ó tún tọ, ó dúró.
N óò pẹ́ dé ibùdókọ̀."

Ta ló ń dúró dè é níbẹ̀? N kò bèèrè.
Wọ́n ti hú irin ọ̀nà yẹn kúrò nílẹ̀
lọ́dún tí mo wọ ilé ìwé.
Inú gẹ́ẹ̀mù nìkan ló kù sí.

Mo ní, "Bàbá, ẹ gbé fóònù sún mọ́ ẹ̀rọ."
Mo gbọ́ fáànù: fùùù, fùùù,
bí ẹni tó gun òkè tó ń purọ́ pé kò rẹ òun.
Káàdì àwòrán àlòkù ni, èmi ni mo rà á
lọ́wọ́ ọmọkùnrin kan ní Turku
tó búra pé òun kò lò ó ju ọ̀sẹ̀ méjì lọ.
"Kí ni nọ́ńbà tó wà ní igun òkè?"
"Mọ́kànlá."
Àwòrán mọ́kànlá ní ìṣẹ́jú àáyá kan!
Ojú wo ni yóò pe ìyẹn ní ìrìn?

Ìwọ̀n eku, Bàbá, ìwọ̀n ìtẹ́.
Ẹ jẹ́ ká sọ ẹrù díẹ̀ kalẹ̀.
Ẹ wá ibi tí wọ́n kọ òjìji sí, ẹ fà á wálẹ̀ pátápátá.
Ó fà á.
Òpó iná pàdánù òjìji, igi pàdánù òjìji,
ọkùnrin tó di àpótí mú lórí pèpéle
dúró gbagidi bí ẹni tí wọ́n gé lára ìwé ìròyìn.
"Mọ́kàndínlógún," ohùn rẹ̀ ti ń rọ̀.

Koríko ńkọ́? Ó lọ.
Dídán omi adágún? Ó lọ, kò sì dùn ún:
adágún yẹn kì í dán, ó ní,
àwọn tó yà á kò dé ibẹ̀ rí.
Àgbọ̀nrín dín láti ogójì sí mẹ́ta.
"Ó dáa. Wọ́n máa ń dí ọ̀nà."

Mo wá kan yìnyín.
Mo ní òun ló ń jẹ káàdì yìí run,
ẹyọ kọ̀ọ̀kan ló ń ṣírò,
bó ṣe ń bọ́, bí atẹ́gùn ṣe ń gbé e;
ẹ jẹ́ ká dín in kù sí ìdajì.
Kẹ́kẹ́ pa.
Fùùù.
"Má fọwọ́ kan yìnyín."
"Bàbá..."
"Yọ èrò. Yọ igbó, gbogbo rẹ̀, tó bá wù ọ́.
Mo mọ ibi tí igi wà."

A yọ igbó. A yọ èrò,
àti ọkùnrin àpótí náà.
Mo tún fẹ́ mú ọ̀nà jíjìn súnmọ́ tòsí, ó kọ̀:
láti kìlómítà méjì ló ti gbọ́dọ̀ rí iná àmì,
ọkọ̀ kì í ṣe kẹ̀kẹ́, kì í gbọ́ bíréèkì kó dúró.
Mẹ́rìnlélógún. Kò kúrò níbẹ̀.

Ọkàn mi wá sọ nǹkan kan.
"Bàbá, ṣé ẹ kò gbé nǹkan lé ẹ̀rọ lórí?"
"Rárá o."
Ó dákẹ́.
"Àfi ìbọ̀sẹ̀ mi. Ó tutù, ibẹ̀ sì máa ń gbóná dáadáa."

Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi.
Ó kó wọn kúrò. Fáànù mí kanlẹ̀.
"Mẹ́tàlélógójì," ó kà á bí ẹni tó ń ka owó oṣù.
"Ṣé ká dá igbó padà? Ká dá èrò padà?"
"Fi wọ́n sílẹ̀. Mo ti ń rí iná."

N kò pa fóònù.
Mo gbọ́ irin tó ń ha irin, tó ń rọra ha,
mo gbọ́ àga rẹ̀ tó dún bó ti dìde dúró,
tó sọ fún pèpéle tí a ti kó gbogbo èèyàn kúrò lórí rẹ̀ pé:
"Ẹ má bínú. Ìṣẹ́jú mẹ́rin ni."