Ṣíṣà Ẹ̀jẹ̀

Òtútù Saskatoon ti sọ odò di pákó funfun.
Mo bọ́ ẹ̀wù mẹ́ta lẹ́nu ọ̀nà yàrá ìwádìí,
mo wọ ẹyọ kan tó funfun,
mo sọ̀ kalẹ̀ lọ sábẹ́ ilé níbi tí Bàbá Hnatiuk wà,
ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́rin,
ọmọ ẹni tó fi gbogbo ayé rẹ̀ fẹ́ àlìkámà ní Wakaw.
Ó ń fẹnu fẹ́ eruku lára ohun kan
tí kò tó ìdajì káàdì ìdìbò.

"Wò ó," ó ní. "Mo rò pé ó ti jinná."

Rọ́bà tó mọ́ gaara bí omi inú amù;
nínú rẹ̀, àwọn ojú ọ̀nà tí irun orí ò lè gbà kọjá,
ọ̀kan fún ẹ̀jẹ̀, méjì fún òróró.
Níbi tí wọ́n ti pàdé, òróró á gé omi lọ́rùn,
á gé e, á tún gé e,
ẹgbẹ̀rún ìgbà kí o tó ṣẹ́jú,
omi á di ìlẹ̀kẹ̀,
ìlẹ̀kẹ̀ kọ̀ọ̀kan á gbé sẹ́ẹ̀lì kan ṣoṣo sínú
bí ẹyin ṣe ń gbé pupa rẹ̀.

Mo rẹ́rìn-ín. Mo mọ iṣẹ́ yìí kí n tó mọ̀wé.
Ní Ìlá, lórí àpótí, atẹ ẹ̀wà lórí itan,
ìyá mi àgbà a máa wí pé:
"Àwẹ̀ró, má fi ọ̀wọ́ kó o.
Òkúta kan péré nínú ìkòkò
ni eyín fi í mọ ẹni tó sẹ̀wà."

Tẹ́lẹ̀, lílọ̀ ni a máa ń lọ ẹran-ara pọ̀,
àpapọ̀ là ń bi léèrè, àpapọ̀ ní ń fèsì,
bí ìgbà tí a kan ilẹ̀kùn agboolé ńlá
tí ẹni tó jókòó sẹ́nu ọ̀nà dáhùn fún gbogbo ilé.
Ẹni tó ń ṣàìsàn ní yàrá ẹ̀yìn ńkọ́?

Lálẹ́ yìí, ẹni tó fẹ́ fún wa lẹ́jẹ̀ ò lè wá,
yìnyín ti dí títì Idylwyld.
Mo ká apá aṣọ mi sókè.
Tannis Okemaw fabẹ́rẹ́ wá iṣan, ẹ̀ẹ̀kan náà ló rí i.
Ó ní, "Iṣan rẹ gbọ́ràn ju ìwọ alára lọ."

Ìgbà àkọ́kọ́, ọ̀nà dí.
Bàbá fi èdè bàbá rẹ̀ bú rọ́bà.
Ìgbà kejì, ìlẹ̀kẹ̀ kan ṣófo, òmíràn gbé ìbejì.
Ìgbà kẹta,
wọ́n ń tò bọ̀, wọ́n ń tò bọ̀,
lésà ń kan iwájú orí wọn níkọ̀ọ̀kan
bí tíṣà tó ń pe orúkọ láàárọ̀.

Ẹgbàárin ó lé mọ́kàndínlógún.

Nígbà tó yá, wọ́n di àmì lójú kọ̀mpútà,
ìran sí ìran, wọ́n kóra jọ bí erékùṣù,
àfi ọ̀kan
tó dá dúró létí, tí kò bá ẹnikẹ́ni tan.

"Àṣìṣe ni," Bàbá wí. "Pa á rẹ́."

Mi ò pa á rẹ́. Mo ka ohun tó ń kọ fún ara rẹ̀
títí ilẹ̀ fi mọ́.
Ó jọ pé kùmọ̀ ló ń gbẹ́,
kùmọ̀ tí a fi ń lé ibà,
ibà inú ẹ̀fọn, ibà ọdún tí mo pé mẹ́sàn-án
tí ìyá àgbà daṣọ bò mí lórí ìkòkò dóńgóyárò.

Ọdún méjìlélógún ni mo ti wọkọ̀ òfuurufú.
Ẹnìkan nínú mi ò tíì gbọ́.

Bàbá bọ́ awò ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún fi wò ó.
"Kí ló wá ń ṣọ́ níbí?"
Mi ò dá a lóhùn.
Mo gòkè, mo wọ ẹ̀wù mẹ́ta mi padà.
Níta, kò sí ẹ̀fọn kankan.