Kíka Koríko ní Ìta-Ògbólú

Ọdún tí mo pé ọmọ mẹ́sàn-án, bàbá mi Akíndúró
mú mi dúró síbì kan lẹ́yìn Ìta-Ògbólú:
"Ibi tí ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ wà yẹn, igbó ni.
Ibi tí ẹsẹ̀ òsì rẹ wà, ọ̀dàn ni."
Mo wolẹ̀. N kò rí ààlà kankan.
Ṣùgbọ́n ọ̀tún mi tutù, òsì mi gbóná,
kòkòrò tó ń ké níhìn-ín
kì í ṣe èyí tó ń ké lọ́hùn-ún.

Fẹ̀hìntọlá, ìyá tó bí i, a máa ní irọ́ ni,
pé igbó ni gbogbo rẹ̀ nígbà tí òun wọlé ọkọ,
ìrókò, arère, àràbà,
kí àdá tó dé, kí iná tó tẹ̀lé àdá,
kí èèkan tó wá jókòó
bí àlejò tí ẹnikẹ́ni kò fún ní àga.
Bàbá mi á dákẹ́. Kì í bá ìyá rẹ̀ jiyàn.
Lọ́jọ́ kejì, á tún mú mi lọ sọ́dàn.

Wọ́n ní igi kan kò lè dá igbó ṣe.
Òótọ́ ọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n wá wo igi irú yẹn,
òun nìkan, òjìji rẹ̀ tẹ́ kalẹ̀ bí ẹní:
abẹ́ rẹ̀ ni ehoro bímọ sí,
òdòdó rẹ̀ ni àdán ń fà mu lóru,
ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ni ìkán kọ́ ògán tì,
koríko ìdí rẹ̀ tutù yọ̀yọ̀ ju ti ìta lọ.
Igi kan a máa dá ọ̀dàn ṣe.

Iná pàápàá ní àsìkò.
Bàbá mi a máa dá a kí ọyẹ́ tó mú tán,
nígbà tí omi ṣì wà ní ìsàlẹ̀ koríko,
iná tí ń rákò, tí ń lá ilẹ̀ bí ahọ́n ajá,
tí ń fi ọ̀nà sílẹ̀ fún àparò àti ìjàpá.
"Ẹni tó bá dúró di Fẹ́búárì,
kì í ṣe koríko ló ń sun. Ọmọ igi ló ń sun."
Mo rí ti Fẹ́búárì lẹ́ẹ̀kan.
Àwọn tó ń lé ọ̀yà ló ṣe é.
Àwòdì tó wá ṣa tata jẹ níwájú iná
padà sókè, ìyẹ́ rẹ̀ ń rú èéfín.

Lẹ́yìn náà ni àwọn eléèédú dé pẹ̀lú ayùn onípẹtiróòlù.
Ayìn ni wọ́n kọ́kọ́ béèrè,
nítorí èédú rẹ̀ kì í tètè kú nínú àdògán.
Igi tó ti rí iná ọgọ́rin ẹ̀ẹ̀rùn,
tí èèpo rẹ̀ ń sọ fún iná pé "kọjá,"
kò rí ọ̀rọ̀ kankan sọ fún ayùn.
Ọgọ́fà àpò nínú ọkọ̀ kan. Èmi ni mo kà á.

Mo ṣì ń kà. Ilé ẹ̀kọ́ gíga ní Àkúrẹ́ rán mi padà
pẹ̀lú igi mẹ́rin àti okùn,
kí n so ó ní mítà kan lọ́tùn-ún lósì, kí n kúnlẹ̀,
kí n ka oríṣi ohun tó bá hù nínú rẹ̀.
Bàbá mi jókòó sórí ògán, ó ń rẹ́rìn-ín:
"Owó ilé ìwé tí mo san, koríko lo wá fi ń kà?"
Mo ka mọ́kàndínlógún.
Ó sọ̀kalẹ̀, orúnkún rẹ̀ ń dún,
ó fi èékánná ya èèkan sọ́tọ̀:
"Ogún. Ayìn nìyí."
Ewé méjì péré, kò ga tó ìka mi.

Ìwé kan ti wá láti ọ́fíìsì pé ilẹ̀ yìí ṣófo,
pé wọn yóò gbin tíìkì sí i títí dé etí odò.
Mo kọ "ogún" sínú ìwé tèmi.
N kò mọ ẹni tí yóò kà á.
Ìyá àgbà ti kú pẹ̀lú igbó rẹ̀ lẹ́nu,
n kò sì mọ èsì tí mo lè fún un,
pé mo ń ṣọ́ ohun tó jókòó sí ipò olóògbé.

Oṣù kọkànlá ti wọlé. Afẹ́fẹ́ ti yí padà.
Bàbá mi ń wá ìṣáná nínú àpò.
"Dúró ná," mo wí,
mo fi ọwọ́ tu koríko ìdí ewé méjì náà,
ó fẹ̀ tó ẹnu agbada,
mo wá sún sẹ́yìn.