Ìròyìn Aago Méje

Abẹ́ òkúta làwọn baba wa sá sí nígbà ogun.
Abẹ́ ìwé ìròyìn ni mo fi owó alágbo pamọ́ sí,
ogún ẹgbẹ̀rún, titun,
ó ṣì ń rùn bíi báńkì.

Mo wúkọ́. Mo kà á:
"Ìwádìí fi hàn pé àgbo Máyùn ń wo ẹ̀jẹ̀ ríru."
Ìwádìí wo? Ta ló ṣe é?
Ohùn mi kò gbọ̀n.

Ní Láfẹ́nwá, ìyá mi pa sítóòfù
kó lè gbọ́ mi dáadáa.

Lọ́jọ́ Àìkú mo bá ìgò mẹ́ta lórí tábìlì,
oògùn dókítà nínú garawa ìdọ̀tí.
"Ta ló tàn yín, Màámi?"
Ó rẹ́rìn-ín.
"Ta ni yóò tàn mí?
Ṣebí ìwọ lo sọ ọ́."