Ìrọ̀rí Mélòó?

Wọ́n fún wa ní ìwé pélébé kan láàárọ̀ ọjọ́ Ajé,
nínú yàrá tí fèrèsé rẹ̀ kọjú sí Òkè Baálẹ̀.
Ìlà mẹ́ta péré ló wà níbẹ̀:
Obìnrin, ẹni ọdún mọ́kàndínlọ́gbọ̀n.
Ó bímọ ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sẹ́yìn.
Èémí kì í tó o bó bá dùbúlẹ̀.
Kò lórúkọ. Kò lójú. Ìwé ò sọ ẹni tó gbé e wá.

Àwa mẹ́jọ yí tábìlì ká.
Dókítà Oyèlérè fẹ̀yìn ti ògiri bí ẹni tó wá gbatẹ́gùn.
A ní, "Sà, kí ló ń ṣe é?"
Ó ní, "Èmi náà fẹ́ gbọ́."
Ó sì dákẹ́.

Níléèwé tí mo ti ń bọ̀,
olùkọ́ a máa da ọ̀rọ̀ síni létí
bí ẹní ń rọmi sí kèrègbè.
Níbí, kèrègbè òfìfo ni wọ́n gbé lé ọ lọ́wọ́,
wọ́n ní kí o lọ wá odò.

Músíbáù mú ẹfun, ó kọ ọ́ sójú pátákó:
ọkàn, kíndìnrín, ẹ̀dọ̀fóró, àìtó ẹ̀jẹ̀.
Ìyíọlá ní ibà ni.
Lójú Ìyíọlá, kò sóhun tí kì í ṣe ibà.
Kí la mọ̀? Kí la ò mọ̀? Ta ni yóò lọ wá èwo?
A pín àìmọ̀ wa bí ẹní ń pín ẹran Iléyá:
kíndìnrín kan Ròkíbátù,
ẹ̀jẹ̀ kan Ìyíọlá,
ọkàn bọ́ sọ́wọ́ tèmi.

Ìwé ńlá kan ṣoṣo la jọ ní,
ogún tí ẹ̀gbọ́n Ròkíbátù fi sílẹ̀ nígbà tó jáde.
Mo ṣí i dé ibi tí ọkàn wà:
ẹnìkan ti fa ojú ewé mẹ́rin ya.
Ọlọ́run á forí jì í. Bóyá ó ti di ọ̀gá dókítà báyìí.

Mo sáré lọ bá Bàbá Fọ́tókọ́pì lẹ́nu géètì.
Iná ti lọ, jẹnẹrétọ̀ rẹ̀ ń wúkọ́.
Ó fa àkójọ nótì àwọn àgbà yọ lábẹ́ bẹ́ǹṣì,
àádọ́ta náírà lójú ewé kan, kò gba gbèsè.
Létí ìwé náà, ẹnìkan tí n kò mọ̀
fi bíárò pupa kọ ọ́ pé:
"Má gbàgbé o. Bi í pé ìrọ̀rí mélòó."

Ìrọ̀rí mélòó.

Mo dúró sẹ́bàá títì, fọ́tókọ́pì gbóná lọ́wọ́ mi.
Ọdún tí wọ́n bí Ìbídàpọ̀,
nílé wa ní Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun,
orí àga ni ìyá mi ń sùn.
Ó fi ìrọ̀rí mẹ́ta tẹ́yìn, ó tún ká kọ́tìnnì lé e,
ẹsẹ̀ rẹ̀ wú bíi búrẹ́dì tó bọ́ sómi.
Àwọn ìyá àdúgbò ní òtútù ìbímọ ni,
ẹ jẹ́ kó máa fomi gbígbóná wẹ̀.
Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí. Èmi ni mo ń gbé ìrọ̀rí.
Mo rò pé ó kàn fẹ́ràn àga yẹn ni.

Ní Ọjọ́bọ̀, a tún yí tábìlì ká.
Mo ṣàlàyé ọkàn tó rẹ̀ lẹ́yìn ìbímọ,
bí omi ṣe ń padà sínú ẹ̀dọ̀fóró
bí èèyàn bá fẹ̀yìn lélẹ̀.
Dókítà mi orí lẹ́ẹ̀kan.
N kò sọ ti àga.

Lálẹ́, mo pe ìyá mi.
"Màmá, ìrọ̀rí mélòó lẹ fi ń sùn báyìí?"
Ó rẹ́rìn-ín. "Ṣé ohun tí wọ́n ń kọ́ yín níbẹ̀ nìyẹn?
Ẹyọ kan ni."
Ó dákẹ́ díẹ̀.
"Àfi ọjọ́ tó bá rẹ̀ mí."