Òkúta Tó Tẹ́ Lẹ́nu

Ní Ùmrẹ́tì, a kì í fi ojú mọ ọ̀nà.
Ahọ́n la fi ń mọ ibi tí a dé:
bí afẹ́fẹ́ bá kan lẹ́nu rẹ, o ti kọjá afárá Sólvẹ̀;
bí ó bá ń ta ọ́ nímú, yára ẹsẹ̀,
ilẹ̀ àwọn ará Kadúmì lo ń tẹ̀ yẹn,
wọn kì í sì í bá àlejò ṣeré.
Òjò tiwa níyọ̀. Omijé wa ló dùn.

Ọmọ ọdún mọ́kànlá ni mí nígbà tí Vẹsína,
àbúrò bàbá mi obìnrin,
ní kí n bá òun gbé ìgò omi lọ síbi òkúta.
Ibà ti pa ahọ́n rẹ̀ lọ́dún tó ṣáájú.
Oyin, òróòro, ọtí tó ti kan,
bákan náà ni gbogbo wọn lẹ́nu rẹ̀, bí ẹni ń jẹ òwú.
Irú ẹni bẹ́ẹ̀ là ń pè ní afọ́jú nílùú wa.

Ọjọ́ mẹ́ta la fi rìn. Èmi ni mò ń tọ́ ọ sọ́nà.
"Àǹtí, ilẹ̀ ti ń korò o."
"Ibí yìí ńkọ́?"
"Ó tún korò ju tàná lọ."
Á rẹ́rìn-ín, á ní, "Ó dáa, a kò tíì ṣìnà."

Mẹ́jọ ló tò yípo, wọ́n ga ju ilé lọ,
wọ́n dúró ségesège bí eyín tó kù lẹ́nu arúgbó.
Ta ló gbé wọn débẹ̀?
Baba Ọ́rmukì tó ń ṣọ́ wọn,
tó ń gba ẹyọ idẹ mẹ́ta lọ́wọ́ ẹni tó bá fẹ́ lá wọn,
ní òun ò mọ̀, òun ò sì fẹ́ mọ̀:
ẹni tó bá ti mọ ẹni tó sebẹ̀
á bẹ̀rẹ̀ sí í wá irun nínú ọbẹ̀.

Mo lá oníyọ̀. Mo lá èyí tó kan, etí mi dún.
Mo lá èyí tó ń ta, mo mu ìdajì omi Àǹtí.
Ahọ́n ti gbẹ́ kòtò sára ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn,
ti ọmọdé nísàlẹ̀, ti àgbà lókè,
wọ́n ń dán bí ìdí ìkòkò tí a fi iyanrìn fọ̀.

Ìkẹsàn-án dá dúró láàárín.
Wọ́n ní kò dùn, kò korò, kò ní nǹkan kan.
Ó tẹ́.
Òun la fi ń bú ara wa: "Ìwọ òkúta kẹsàn-án yìí!"
Kò sí kòtò kankan nísàlẹ̀ rẹ̀.
Àfi ìgbà tí mo gbójú sókè
ni mo rí ọ̀kan ṣoṣo, ó fẹ̀ bí ilẹ̀kùn,
níbi tí èèyàn mẹ́ta ò lè kàn
bí wọ́n tilẹ̀ gun èjìká ara wọn.
Ahọ́n ta ló ga tó bẹ́ẹ̀?
Ta ló ti wà kí a tó wà,
tó fi mẹ́jọ sílẹ̀ fún wa,
tó wá fi ọ̀kan ṣe tara rẹ̀?

Mi ò tíì ronú tán tí Vẹsína ti kúnlẹ̀,
tó fi ahọ́n rẹ̀ tó ti kú kan òkúta náà.
Ó pẹ́ níbẹ̀. Baba Ọ́rmukì wúkọ́, ó ń ka idẹ.
Nígbà tó dìde, ètè rẹ̀ ń gbọ̀n.
"Àǹtí, báwo ló ṣe rí?"
Ó yanu. Ó pa á dé.
Ó ń wá ọ̀rọ̀ náà bí ẹni ń wá bàtà lókùnkùn.
"Kò tíì lórúkọ," ló wí,
ó sì ní ebi ń pa òun.
Omijé rẹ̀ kán sí mi lápá.
Mo lá a. Ó níyọ̀.

Èmi náà lá òkúta ọ̀hún. Eruku. Òtútù.
Mo lá a lẹ́ẹ̀kejì. Eruku.

Àǹtí kú lọ́dún tí èso ò so.
Mi ò tíì padà débẹ̀.
Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ kan náà la fi ń lá òkúta, la fi ń lá àlá,
lóru mìíràn, mo máa ń jí pẹ̀lú nǹkan kan lẹ́nu,
kì í ṣe dídùn, kì í ṣe kíkorò,
mo sì máa ń dùbúlẹ̀ bẹ́ẹ̀, láìgbé itọ́ mì,
títí ilẹ̀ á fi mọ́.