Ṣé Bàbá Ti Só?

Ọjọ́ kẹta rèé ní Asùbíàró,
nọ́ọ̀sì ò bèèrè bóyá ó sùn.
Ìbéèrè kan ṣoṣo ló ń gbé wọlé láàárọ̀:
"Bàbá, ṣé ẹ ti só?"

Bàbá mi, Mùdáṣírù, tó fi ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n
na àsíá sí ọkọ̀ ojú irin ní Òṣogbo,
àgbà tí kì í tutọ́ níṣojú àlejò,
yíjú sí ògiri.
Wọ́n ti la ikùn rẹ̀, wọ́n ti rán an.
Ìfun tí ọwọ́ ènìyàn bá kàn, dókítà ní,
a máa bínú, a máa dákẹ́.
Ẹ má fún un ní nǹkan kan, omi pàápàá,
títí yóò fi fọhùn.

Èmi jókòó sórí bẹ́ǹṣì, mo ń jẹ àkàrà,
ojú ń tì mí bí eyín mi ṣe ń ṣiṣẹ́.
N kò bá oúnjẹ rìn dé ilé rí, àfi lọ́jọ́ náà:
èrìgì lọ̀ ọ́, itọ́ pò ó rọ̀,
ahọ́n tì í, ó di ọ̀fun.
Láti ibẹ̀, n kò láṣẹ lórí rẹ̀ mọ́.
Àpòlúkù gbà á, ó da omi kíkan lé e,
omi tó lè jó aṣọ, tí kì í jó ilé ara rẹ̀,
ó pò ó bí ẹni ń po sìmẹ́ńtì
títí àkàrà fi gbàgbé pé ẹ̀wà lòun.
Òróòro já lu epo, ó fọ́ ọ wẹ́wẹ́.
Ìfun kékeré, tó gùn ju yàrá tí a wà lọ,
ń fà á lọ, ibùdó kan tẹ̀lé òmíràn,
ẹ̀jẹ̀ dúró bí aláàárù, ó ń ru tirẹ̀ lọ.
Ìfun ńlá fún omi ìyókù gbẹ.
Èyí tó kù la ń pè ní ìdọ̀tí,
bíi pé kò bá wa jókòó rí.

Lóru, òjò ń rọ̀ sórí páànù,
mo gbọ́ nǹkan lábẹ́ aṣọ ìbora.
Ó kéré. Ó gùn díẹ̀. Ó dún bíi fèrè ọkọ̀
tó ṣì wà lókèèrè, lápá Ìkìrun.
Bàbá ò la ojú.
"Ìwọ ni àbí èmi?"
"Ẹ̀yin ni, Bàbá."
Ó na ọwọ́ òsì sókè, díẹ̀díẹ̀,
bí ẹni di àsíá aláwọ̀ ewé mú.

Nọ́ọ̀sì sáré kọ ọ́ sínú ìwé, tòun ti aago.
Kí ilẹ̀ tó mọ́ tán, ṣíbí ẹ̀kọ mímu kan
ti wà lẹ́nu rẹ̀. Kò tètè gbé e mì.
Ó pa ẹnu dé, ó ń tẹ́tí sí i.