Wọ́n Ní Kí N Pa Fìríìjì

Wọ́n ní ó ń pariwo.
Ó pẹ́ tí etí mi ti mọ́ ọn lára, n kì í gbọ́ ọ mọ́,
ṣùgbọ́n ọmọ tó de ẹ̀rọ mọ́ etí ní òun ń gbọ́ ọ
bí ẹni tí inú ń run.
Mo pa á. Ẹja tútù wà nínú rẹ̀.

Wọ́n fi nǹkan dúdú kan, kò tóbi ju kòkòrò lọ,
há mi létí ìborùn, lókè àyà.
Wọ́n ká aṣọ fèrèsé kí ìmọ́lẹ̀ Ìjòfì lè wọlé,
wọ́n yí àga mi sẹ́yìn díẹ̀,
wọ́n gbé fọ́tò Akínlàjà kúrò níbi tó wà
lọ síbi tí yóò ti hàn.
"Ẹ má wo kámẹ́rà o, màmá. Èmi ni kẹ́ ẹ máa wò."

Mo wò ó. Kò lè ju ọmọ mi lọ.

Mo ní: ìrọ̀lẹ́ Ọjọ́bọ̀ ni.
Ó lọ gba fóònù rẹ̀ níbi tí wọ́n ti ń bá a ṣáàjì í.
Àwọn tó ń jà kò mọ̀ ọ́n, òun náà kò mọ̀ wọ́n.
Akínlàjà la sọ ọ́;
kò bá wọn jà, wọn ò sì jẹ́ kó là á.
Mo gbọ́ ìró náà, mo ní
àwọn ọmọ yìí ti tún ń yin báńgà.
Fóònù ni wọ́n kọ́kọ́ gbé wálé.
Iná rẹ̀ kún, ọgọ́rùn-ún géérégé.

Ó dákẹ́ díẹ̀. Ó ní,
"Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹ tún ibi fóònù yẹn sọ. Ọ̀kadà kan kọjá."

Mo tún un sọ.
Lẹ́ẹ̀kejì, ó ti ń dùn lẹ́nu mi bí ìtàn.
Ẹ̀rù bà mí.

Bàbá mi ṣe òṣómàáló,
ó ta aṣọ àwìn dé Ìkàrẹ́, dé Ọ̀fà.
Bó bá dẹ́nu ọ̀nà onígbèsè, á lóṣòó,
kò ní jókòó, kò ní mumi,
àfi bó bá gbowó rẹ̀.
Èmi, wọ́n fún mi ní tìmùtìmù,
wọ́n bu omi fún mi.
Bí wọ́n ṣe ń tún iná wọn tò, mo ń rò ó:
ẹnu ọ̀nà ta ni mo wà yìí?

"Báwo ló ṣe rí lára yín?"

Mo sọ̀ kalẹ̀ lórí àga.
Mo lóṣòó níwájú wọn, eékún mi ń ké.
"Màmá, ẹ ti kúrò nínú àwòrán."
Mo ní kí wọ́n gbé e wálẹ̀ wá bá mi,
mo sì wo inú rẹ̀ tààrà.

Wọ́n lọ. Mo tan fìríìjì.
Ẹja ti rọ̀.
Títí ilẹ̀ fi mọ́, mò ń gbọ́ ọ.